Ọjọ́ mẹ́jọ ní Íjíbítì: ká bá ẹgbẹ́ kékeré lọ ni, àbí ká dá rìn?

"Àǹtí, ẹ kú iṣẹ́ o. Manchester ni èmi àti ìyàwó mi ń gbé. Yàtọ̀ sí ká lọ sílé fún ìgbéyàwó tàbí ìsìnkú, a ò rin ìrìn-àjò afẹ́ kankan rí. A ti pinnu pé Íjíbítì la máa lọ lóṣù kejì ọdún tó ń bọ̀, ọjọ́ mẹ́jọ. Màmá mi tó jẹ́ ẹni ọdún 68 á wá láti Ìbàdàn, a ó jọ pàdé níbẹ̀. Ilé iṣẹ́ kan fẹ́ kó wa pọ̀ mọ́ àwọn mìíràn, gbogbo wa á jẹ́ mẹ́rìnlá, pẹ̀lú amọ̀nà: Káírò, Aswan, Luxor. Àbúrò mi ní owó ìnákúnàá ni, pé Uber wà ní Káírò, pé fóònù mọ ọ̀nà ju amọ̀nà èyíkéyìí lọ. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti lọ, kí lẹ rí sí i?"

Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti lọ, ọ̀nà mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni mo sì gbà lọ. Nígbà àkọ́kọ́, bọ́ọ̀sì ńlá ni, àwa èèyàn méjìlélógójì. Nígbà kejì mo mú ìyá mi dání, a jẹ́ mọ́kànlá. Ìgbà kẹta, èmi nìkan ni.

Ọ̀nà méjì ni àwọn èèyàn máa ń pín sí lórí ọ̀rọ̀ yìí. Àwọn kan ní ẹni tó bá ń tẹ̀ lé amọ̀nà kiri kò yàtọ̀ sí àgùntàn tí wọ́n ń dà lọ sọ́jà, pé kò ní rí ìlú, ẹ̀yìn ẹni tó wà níwájú rẹ̀ ló máa rí. Àwọn kejì ní àlejò lójú ṣùgbọ́n kò fi ríran, pé owó tí ẹ bá rò pé ẹ fi pamọ́, àwọn oníràkúnmí àti onítakisí á gbà á lọ́wọ́ yín kó tó di ọ̀sán. Ti àwọn kejì yìí ni mo bá lọ, pàápàá fún ẹni tó ń jáde fún ìgbà àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n mi ò bá wọn dé ìparí, torí kì í ṣe gbogbo ohun tí wọ́n ń pè ní ẹgbẹ́ kékeré ló kéré, kì í sì í ṣe gbogbo ìlú ni ẹ nílò amọ̀nà fún.

Píràmídì wà níbẹ̀ fún gbogbo ayé. Ẹnu amọ̀nà àti wákàtí tiyín lẹ ń fowó rà. Ta ló máa sọ bí wọ́n ṣe máa lo wákàtí náà? Ìyẹn gan-an ni kí ẹ bi ilé iṣẹ́ tí ẹ ń bá sọ̀rọ̀.

* * *

Ẹ jẹ́ kí n dá àbúrò yín lóhùn, torí kò parọ́ tán. Ní Káírò, òótọ́ ló sọ. Uber ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ dáadáa, ẹ ò ní bá onítakisí kankan ná ọjà. Láti àárín ìlú dé Giza tí àwọn píràmídì wà, ohun tó lè dá yín dúró ò ju sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ lọ, ẹni tó bá sì ti gba Ọjọ́ọ́ta kọjá rí kò ní bẹ̀rù ìyẹn. Ẹ máa fi káàdì ra tíkẹ́ẹ̀tì lẹ́nu ọ̀nà. Musíọ́ọ̀mù ńlá tuntun náà, Grand Egyptian Museum, tí wọ́n ṣí lóṣù kọkànlá ọdún 2025, ò jìnnà sí àwọn píràmídì rárá. Ibẹ̀ ni wọ́n kó ẹrù tí wọ́n bá nínú ibojì Tutankhamun, ọba Íjíbítì àtijọ́ kan, lọ́dún 1922 sí, ó lé ní 5,000 ohun èlò. Wọ́n kọ àlàyé sára gbogbo nǹkan. Mo lo odindi ọjọ́ kan níbẹ̀ ní èmi nìkan, inú mi dùn pé kò sẹ́ni tó ń wo aago mọ́ mi lójú.

Àmọ́ kí àbúrò yín wá gbọ́ ti ìsàlẹ̀, ìyẹn gúúsù Íjíbítì. Káírò sí Luxor tó 650 kìlómítà. Aswan tún wà níwájú Luxor. Abu Simbel, tẹ́ḿpìlì tí wọ́n gbẹ́ sára òkè, tó wu gbogbo èèyàn, tún fi nǹkan bíi 280 kìlómítà jìnnà sí Aswan, aṣálẹ̀ lẹ́yìn, aṣálẹ̀ níwájú. Aago mẹ́rin ìdájí ni ọ̀pọ̀ ọkọ̀ máa ń gbéra, wákàtí mẹ́ta àbọ̀ ni àlọ, wákàtí mẹ́ta àbọ̀ ni àbọ̀. Fóònù yín mọ ọ̀nà yẹn lóòótọ́. Fóònù ò lè wá dẹ́rẹ́bà tí kò sùn mọ́ ìdí ọkọ̀, kò sì lè bá yín pe òtẹ́ẹ̀lì láti di oúnjẹ àárọ̀ sínú páálí nítorí pé ẹ máa jáde kí ilé ìdáná tó ṣí.

Nígbà tí mo dá lọ, Káírò dùn mọ́ mi. Nígbà tí mo dé Aswan, ọjọ́ kan àtààbọ̀ ni mo fi ń wá ọkọ̀ tí mo lè bá lọ sí Abu Simbel ní iye tó ṣe é gbọ́. Ọjọ́ kan àtààbọ̀ nínú ọjọ́ mẹ́jọ! Kí àbúrò yín fi ìyẹn kún ìṣirò owó tó ń ṣe.

Kí ẹnì kankan má sì tan yín pẹ̀lú iye tó san nígbà tó lọ lọ́dún 2022. Lóṣù kẹta ọdún 2024, wọ́n tú owó Íjíbítì sílẹ̀ kí ọjà máa pinnu iye rẹ̀, dọ́là kan tó jẹ́ nǹkan bíi pọ́n-ùn 31 wọn tẹ́lẹ̀ lọ sí nǹkan bíi 50. Owó tíkẹ́ẹ̀tì náà ò dúró sójú kan. Iye tí wọ́n bá ń gbà lósẹ̀ tí ẹ fẹ́ lọ ni kí ẹ béèrè.

* * *

"Mẹ́rìnlá ni wọ́n pè wá. Ṣé ìyẹn kéré?"

Ó ṣì kéré, ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ má kéré mọ́. Ní tèmi, méjìlá ló yẹ kó gbẹ̀yìn. Àwọn kan ń jà pé mẹ́jọ ni, àwọn mìíràn ní tó bá ti wọ bọ́ọ̀sì kékeré kan tán, kò burú. Èmi ò fi bọ́ọ̀sì wọ̀n ọ́n. Ẹnu ibojì ni mo fi wọ̀n ọ́n.

Ní Àfonífojì Àwọn Ọba ní Luxor, níbi tí wọ́n sin àwọn ọba àtijọ́ sí, wọn kì í gba amọ̀nà láyè láti máa ṣàlàyé nínú ibojì. Ìta ló ti máa sọ gbogbo rẹ̀ tán, ẹ̀yin á wá wọlé fúnra yín. Tíkẹ́ẹ̀tì kan, ibojì mẹ́ta. Àwọn kan tún wà tó jẹ́ pé tíkẹ́ẹ̀tì ọ̀tọ̀ ni wọ́n ń gbà, bíi ti Tutankhamun (òkú rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀ di òní, ẹrù rẹ̀ nìkan ni wọ́n kó lọ sí Káírò) àti ti Ramses kẹfà. Nígbà tí a jẹ́ méjìlélógójì, inú bọ́ọ̀sì ni amọ̀nà ti fi maíkì ka ìtàn fún wa. Nígbà tí a fi máa sọ̀ kalẹ̀, tí a ka ara wa, tí a tò, mo ti gbàgbé ìdajì. Mo wọlé, mo rí àwọ̀ pupa àti yẹ́lò lára ògiri, àwọn tó wà lẹ́yìn ń tì mí, mo jáde.

Nígbà kejì, amọ̀nà wa kó àwa mọ́kànlá jókòó sábẹ́ ibòòji. Ó yọ àwòrán tí wọ́n fi ọ̀rá bò jáde látinú àpò, ó sì fún ẹnì kọ̀ọ̀kan ní nǹkan kan tó gbọ́dọ̀ wá rí nínú ilé. Ó sọ fún ìyá mi pé, "Màmá, ẹ má wo ògiri. Ẹ gbójú sókè. Ẹ máa rí obìnrin kan tó na ara rẹ̀ gbọọrọ bo gbogbo àjà. Lálẹ́ ó máa ń gbé oòrùn mì, láàárọ̀ á tún bí i." Mo túmọ̀ rẹ̀ fún wọn sí Yorùbá. Nígbà tí a dé yàrá ìsàlẹ̀ nínú ibojì Ramses kẹfà, ìyá mi dì mí lọ́rùn ọwọ́ mú, wọ́n na ìka sókè: "Òun rèé. Wò ó, oòrùn ti wà lẹ́nu rẹ̀." Wọn ò kúrò lójú kan náà fún bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Títí di òní, bí wọ́n bá ń ròyìn Íjíbítì fún àwọn ẹgbẹ́ wọn ní ṣọ́ọ̀ṣì, obìnrin yẹn ni wọ́n máa kọ́kọ́ sọ, kì í ṣe píràmídì.

Ibojì kan náà ni o. Kí ẹ tó bi wọ́n pé èèyàn mélòó, ẹ bi wọ́n pé amọ̀nà wo. Òfin ibẹ̀ ni pé amọ̀nà gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ ìjọba. Ẹni tí ilé iṣẹ́ bá kó wá láti London kò lè dúró níwájú tẹ́ḿpìlì kó máa ṣàlàyé, ọmọ ibẹ̀ tó níwèé àṣẹ ló máa sọ̀rọ̀. Ẹ béèrè bóyá ẹnì kan náà ló máa bá yín lọ láti Aswan dé Luxor, àbí ìlú kọ̀ọ̀kan á ní tirẹ̀. Ẹnì kan náà ló dára. Lọ́jọ́ kẹta, á ti mọ̀ pé orúnkún màmá ń dùn wọ́n, kò ní dúró dìgbà tí ẹ bá sọ.

* * *

Mo fẹ́ sọ̀rọ̀ nípa ṣọ́ọ̀bù, ó sì ń bí mi nínú títí di ìsinsìnyí.

Nínú ìrìn àkọ́kọ́ yẹn, lọ́jọ́ kan ṣoṣo ní Luxor, wọ́n fún wa ní ìṣẹ́jú 50 ní tẹ́ḿpìlì Karnak. Karnak! Ibi tí òpó 134 wà nínú gbọ̀ngàn kan ṣoṣo, tí èèyàn kan ò lè dá fọwọ́ yí ẹyọ kan po. Lẹ́yìn náà ni wọ́n gbé wa lọ síbi tí wọ́n ti ń gbẹ́ òkúta alabásítà, a sì lo wákàtí kan àti ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún níbẹ̀. Wọ́n gbé tíì wá, wọ́n ti ilẹ̀kùn. Ṣọ́ọ̀bù lọ́fínńdà tẹ̀ lé e. Ti pépà papáírọ́ọ̀sì la ti lọ lánàá. Nígbà tí mo béèrè, amọ̀nà ní ó wà nínú ètò.

Àwọn kan ń gbèjà wọn, wọ́n ní papáírọ́ọ̀sì jẹ́ ara ẹ̀kọ́. Mi ò bá wọn jiyàn lórí ìyẹn. Ó dùn-ún wò bí wọ́n ṣe ń bẹ́ igi eèsún náà pẹlẹbẹ, tí wọ́n ń tò ó ní ìbú àti òòró, tí wọ́n ń fi nǹkan wúwo tẹ̀ ẹ́ títí á fi lẹ̀ mọ́ra. Ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tó fún un. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ni pé owó tí wọ́n fi dín iye ìrìn-àjò kù fún yín, inú ṣọ́ọ̀bù ni wọ́n ti ń wá a padà. Amọ̀nà ní ìpín tirẹ̀ nínú ohun tí ẹ bá rà. Bí iye tí wọ́n pè bá rọjú jù, ẹ fura.

Ẹ kọ ọ́ sínú lẹ́tà sí wọn: ṣọ́ọ̀bù mélòó, fún ìṣẹ́jú mélòó, ṣé ẹni tí kò bá fẹ́ lè dúró sínú ọkọ̀? Ẹ gba èsì lákọsílẹ̀. Àwa mọ́kànlá yẹn, a dìbò lórí ìjókòó bọ́ọ̀sì, a yọ ṣọ́ọ̀bù lọ́fínńdà kúrò, a fi wákàtí rẹ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì Abu Serga ní Káírò àtijọ́, níbi tí àwọn Kristẹni ibẹ̀ gbà pé Jósẹ́fù àti Màríà gbé Jésù ọmọdé sá sí. Tọkọtaya kan láti Ìlọrin wà pẹ̀lú wa. Wọ́n bẹ̀bẹ̀ pé kí a já àwọn sí mọ́sálásí Al-Azhar fún Jímọ̀, torí àwọn aláfàá ilẹ̀ wa kan kàwé ní yunifásítì rẹ̀. Amọ̀nà gbà. Èèyàn méjìlélógójì ò lè dìbò sórí irú nǹkan báyìí.

* * *

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n yà bàrá díẹ̀. Ẹnì kan ní òun ò lè bá ẹgbẹ́ lọ nítorí oúnjẹ, pé oúnjẹ òyìnbó ni wọ́n máa ń fún àwọn àlejò.

Lórí ọkọ̀ ojú omi tó ń gbé àlejò láti Aswan dé Luxor lórí odò Náílì, bẹ́ẹ̀ náà ni. Ṣùgbọ́n ní Luxor, amọ̀nà wa mú wa lọ síbi tí àwọn ará ìlú ti ń jẹun. Wọ́n gbé abọ́ kan wá, ìyá mi fi ṣíbí kan án, ó fà. Wọ́n wò mí. Mo ní, "Màámi, ewédú ni." Molokhia ni wọ́n ń pè é níbẹ̀, ewé kan náà tí à ń jẹ nílé! Wọn kì í fi ìjábẹ̀ já a. Ọ̀bẹ tó tẹ̀ kọrọdọ bí òṣùpá, tó ní èèkù méjì, ni wọ́n fi ń gé e wẹ́wẹ́, wọ́n á sè é sínú omi ẹran, wọ́n á wá dín aáyù lọ́tọ̀, wọ́n á dà á lé e lórí kó hó ṣàà. Ìyá onílé oúnjẹ fà wọ́n lọ sí ilé ìdáná, ó fi hàn wọ́n pé bí aáyù bá ti ń wọnú ìkòkò, obìnrin tó ń sè é gbọ́dọ̀ mí kanlẹ̀ sókè, hàà!, bí ẹni tí ẹ̀rù bà, kí ọbẹ̀ náà tó dùn. Ìyá mi ṣe é. Gbogbo ilé ìdáná rẹ́rìn-ín. Àwọn méjèèjì ò gbọ́ èdè ara wọn.

Ẹ bi ilé iṣẹ́ yín bóyá gbogbo oúnjẹ ti wà nínú owó. Bí gbogbo rẹ̀ bá ti wà níbẹ̀, òtẹ́ẹ̀lì lẹ máa ti jẹ ẹ́ tán. Ó sàn kí wọ́n fi oúnjẹ mẹ́rin tàbí márùn-ún sílẹ̀ fún yín.

* * *

"Owó ọwọ́ ńkọ́? Wọ́n ní wọ́n máa ń tọrọ jù."

Bákíṣíìṣì ni wọ́n ń pè é, dáàṣì ni, kò sì ṣàjèjì sí wa. Ẹni tó bá gbé ẹrù, ẹni tó bá na bébà sí yín lẹ́nu ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ẹni tó bá ti ọwọ́ yín kẹ́ yín wọ ọkọ̀ ojú omi, gbogbo wọn ló ń retí nǹkan. Ẹgbẹ́ wa dá owó jọ sínú àpò ìwé lọ́jọ́ kìíní, amọ̀nà ló ń pín in. Àwọn kan ní ìwà ẹ̀tàn nìyẹn, pé a ò mọ iye tó dé ọwọ́ ta. Mo ní kí wọ́n jẹ́ ó rí bẹ́ẹ̀, torí ó jẹ́ kí ọkàn wa balẹ̀, a ò wá owó kéékèèké kiri. Àmọ́ ti amọ̀nà àti ti dẹ́rẹ́bà, ọwọ́ ara yín ni kí ẹ fi fún wọn lọ́jọ́ ìkẹyìn. Dẹ́rẹ́bà pàápàá. Òun ló jí ní aago mẹ́ta òru. Kí ìyàwó yín sì máa tọ́jú owó bébà pọ́n-ùn Íjíbítì márùn-ún àti mẹ́wàá sápò fún ti ilé ìgbọ̀nsẹ̀.

* * *

Ó wá ku màmá. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ máa ń rò pé ẹgbẹ́ ni yóò rẹ̀ wọ́n. Àtẹ̀gùn ni.

Ẹ má jẹ́ kí wọ́n wọnú píràmídì ńlá. Ọ̀nà tó gòkè nínú rẹ̀ ò ga ju nǹkan bíi mítà kan àti díẹ̀ lọ, ó gùn tó mítà 39, ẹ máa tẹ̀ba gun gbogbo rẹ̀ ni, ẹ ó tún gun òmíràn lẹ́yìn ìyẹn, ooru sì wà níbẹ̀. Kò sí àwòrán kankan nínú rẹ̀. Kí wọ́n jókòó síta kí wọ́n máa wò ó.

Lórí odò Náílì, àwọn ọkọ̀ máa ń so mọ́ra ní ẹ̀gbẹ́ ara wọn, mẹ́ta, mẹ́rin, nígbà míì ju bẹ́ẹ̀ lọ. Bí tiyín bá wà lóde, inú pálọ̀ àwọn tó kù lẹ máa gbà kọjá kí ẹ tó fẹsẹ̀ kan ilẹ̀, àlàfo wà láàárín ọkọ̀ kan àti èkejì. Amọ̀nà wa máa ń dúró síbi àlàfo náà, á na ọwọ́ sí ìyá mi. Ní Edfu, ìlú kan létí odò náà, kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin ni wọ́n fi ń gbé àlejò látẹ̀bá odò lọ sí tẹ́ḿpìlì. Àwọn ẹṣin kan níbẹ̀ gbẹ débi pé mẹ́rin nínú wa kọ̀, ìyá mi wà lára wọn. Amọ̀nà wá ọkọ̀ fún wa láìjanpata. Tẹ́ḿpìlì Philae ní Aswan náà, ọkọ̀ ojú omi lẹ máa wọ̀ débẹ̀, torí erékùṣù mìíràn ni wọ́n tún tẹ́ḿpìlì náà tò sí nígbà tí omi fẹ́ bò ó.

Abu Simbel náà, wọ́n gbé e kúrò níwájú omi ni, láàárín ọdún 1964 sí 1968. Wọ́n gé òkè náà wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, wọ́n tún un tò sí nǹkan bíi mítà 65 lókè ibi tó wà. Lọ́jọ́ 22 oṣù kejì àti ọjọ́ 22 oṣù kẹwàá, oòrùn àárọ̀ máa ń tàn wọ inú yàrá tó kẹ́yìn pátápátá. Oṣù kejì lẹ ń lọ, àwọn kan á sọ pé ẹ má pàdánù rẹ̀. Èrò á pọ̀ lọ́jọ́ yẹn kọjá ohun tí ẹni ọdún 68 lè fara dà. Ẹ lọ lọ́jọ́ mìíràn.

* * *

Físà, ní kúkúrú. Bí pásípọ́ọ̀tù Britain lẹ ní, ẹ lè gba tiyín lórí íntánẹ́ẹ̀tì tàbí nígbà tí ẹ bá dé Káírò. Pásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà màmá ò rí bẹ́ẹ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ gba tiwọn kí wọ́n tó kúrò nílé. Ẹ má san owó tí wọn ò ní dá padà fún ẹnikẹ́ni kí físà màmá tó jáde. Mo mọ ẹni tó san ní kíkún, físà ìyá rẹ̀ sì dé lẹ́yìn tí ọkọ̀ òfurufú ti lọ.

* * *

Ẹ jẹ́ kí n padà sí ìbéèrè yín. Bí ilé iṣẹ́ yẹn bá kọ̀wé sí yín pé ṣọ́ọ̀bù ò ju ẹyọ kan lọ, pé amọ̀nà kan náà ló máa wà pẹ̀lú yín láti Aswan dé Luxor, pé wọn ò ní gbà ju mẹ́rìnlá tí wọ́n pè lọ, ẹ bá wọn lọ. Bí wọ́n bá ń fọ̀rọ̀ yí kiri, ẹ ṣe é báyìí: ẹ fi ọjọ́ méjì wo Káírò fúnra yín, pẹ̀lú Uber àbúrò yín. Ẹ wọ ọkọ̀ òfurufú lọ sí Aswan lọ́jọ́ kẹta. Ibẹ̀ ni kí ẹ ti bá ẹgbẹ́ kékeré pàdé, Abu Simbel, lẹ́yìn náà ọkọ̀ ojú omi fún alẹ́ mẹ́ta, tẹ́ḿpìlì Kom Ombo, ti Edfu, títí dé Luxor. Lọ́jọ́ tó kẹ́yìn ní Luxor, ẹ ní kí wọ́n fi yín sílẹ̀ ní Karnak láti ìrọ̀lẹ́ títí wọ́n á fi tì í.

Kí màmá di kóòtù kan tó nípọn mọ́ ẹrù. Aswan máa ń móoru lọ́sàn-án, ṣùgbọ́n ní aago mẹ́rin ìdájí lóṣù kejì, nínú bọ́ọ̀sì, òtútù á mú wọn.